ỌMỌ TÓ BỌ́ ILÉ, TÍ ILÉ KÒ FI NǸKAN PAMỌ́ FÚN: ÌTÀN BABY PEGGY

  Nígbà tí ìgbìmọ̀ tó ń ṣètò ìwé yìí ní kí n kọ nǹkan lórí ìtàn, mo rò ó pé ìtàn ọba àti ìtàn ogun ti pọ̀ nínú irú ìwé báyìí. Ìtàn ọmọdé kan ni mo mú wá. Kì í ṣe ọmọ ilẹ̀ wa. Amẹ́ríkà ni wọ́n bí i sí, kò sì tíì pé ọmọ ọdún 2 tí ó fi bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ tí wọ́n ń sanwó lé lórí. Kí ó tó pé ọmọ ọdún 8, ilẹ̀kùn sinimá ti tì mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tó wà nínú ìtàn rẹ̀ kan gbogbo ilé tí ọmọ wà, pàápàá lóde òní tí fóònù ti sọ ọ̀pọ̀ ọmọ wa di aláwàdà.

BÍ Ó ṢE DÉ INÚ SINIMÁ

Peggy-Jean Montgomery ni orúkọ tí àwọn òbí rẹ̀ sọ ọ́. Ọjọ́ 29 oṣù kẹwàá ọdún 1918 ni wọ́n bí i ní ìlú San Diego, ní ìpínlẹ̀ California. Bàbá rẹ̀, Jack Montgomery, jẹ́ darandaran tó mọ ẹṣin gùn dáadáa, irú àwọn tí a máa ń rí nínú fíìmù kaboi. Ó wá iṣẹ́ lọ sí Hollywood, níbi tí wọ́n ti ń ṣe fíìmù. Iṣẹ́ tí ó rí níbẹ̀ ni pé kí ó máa dúró fún òṣèré pàtàkì níbi tí ewu bá wà. Bí ẹṣin bá máa gbé èèyàn ṣubú, Jack ni yóò ṣubú, òṣèré tí gbogbo ayé mọ̀ ni wọn yóò sì pàtẹ́wọ́ fún. Ọ̀kan nínú àwọn tí ó dúró fún bẹ́ẹ̀ ni Tom Mix, gbajúmọ̀ kaboi ìgbà náà.

Ní ọdún 1920, ìyá Peggy gbé e lọ sí iléeṣẹ́ fíìmù kan tí wọ́n ń pè ní Century, ní Hollywood. Ọmọ oṣù 19 ni. Olùdarí eré kan níbẹ̀, Fred Fishback, ṣàkíyèsí ọmọ náà. Ibi tí wọ́n ní kó jókòó sí ló jókòó sí, kò sunkún, kò sì sáré kiri. Wọ́n dán an wò nínú fíìmù pẹ̀lú ajá kan tó ń jẹ́ Brownie, ajá tí àwọn òǹwòran ti mọ̀ nínú eré àwàdà. Playmates ni orúkọ fíìmù náà, ó sì jáde ní ọdún 1921. Àwọn èèyàn fẹ́ràn rẹ̀, iléeṣẹ́ náà sì bá àwọn òbí rẹ̀ ṣe àdéhùn ọlọ́jọ́ gígùn. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń pè é ní Baby Peggy.

Kí ni ọmọ tí ọ̀rọ̀ kò tíì yọ̀ lẹ́nu rẹ̀ mọ̀ tó fi di òṣèré? Ìgbọràn ni. Bàbá rẹ̀ ti kọ́ ọ pé bí òun bá ti sọ̀rọ̀, kò gbọdọ̀ bi òun léèrè ìdí. Bí ó bá ta ìka pó, tí ó ní kó sunkún, yóò sunkún. Bí ó bá ní kó rẹ́rìn-ín, yóò rẹ́rìn-ín. Bí ó bá ní kó ṣe bí ẹni tí ẹ̀rù ń bà, yóò ṣe bẹ́ẹ̀. Bàbá yìí a máa sọ pé ohun tó gbé ọmọ òun dé ipò náà ni pé ó ń tẹ̀lé àṣẹ òun láìjanpata. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi ọ̀rọ̀ yìí sọ́kàn, nítorí orí rẹ̀ ni ìtàn náà dá lé. Ìwà tí a fi ń yin ọmọ tó mọ̀wàá hù ni wọ́n gbé lọ sọ́jà.

IRÚ ERÉ TÍ Ó Ń ṢE

Àwọn ọ̀dọ́ wa lè má mọ bí sinimá ṣe rí nígbà náà. Fíìmù kò ní ohùn. Òṣèré ń ya ẹnu, ọ̀rọ̀ kò jáde. Ohun tó bá ṣe pàtàkì ni wọ́n ń kọ sára pátákó tí òǹwòran yóò kà. Ẹnìkan yóò jókòó nínú gbọ̀ngàn tí yóò máa tẹ dùùrù bí eré ti ń lọ. Kí fíìmù gígùn tó bẹ̀rẹ̀, wọ́n máa ń fi eré àwàdà kúkúrú hàn, bí ìṣẹ́jú 10 sí 20, kí inú àwọn èèyàn lè dùn. Irú eré kúkúrú yìí ni Baby Peggy ń ṣe. Òun nìkan kọ́ ni ọmọdé tó wà lẹ́nu iṣẹ́ náà. Ní ọdún 1922, Hal Roach bẹ̀rẹ̀ eré Our Gang, tí àwọn ọmọ aláwọ̀ funfun àti ọmọ aláwọ̀ dúdú jọ ń ṣe. Ernie Morrison, ọmọkùnrin aláwọ̀ dúdú kan, wà lára àwọn òṣèré ìbẹ̀rẹ̀ ibẹ̀.

Nínú eré Peggy, ẹ̀fẹ̀ máa ń wà nínú pé ó ń sín àwọn àgbà òṣèré jẹ. Ẹ wo ọmọ ọdún 3 tó wọ agbádá bàbá rẹ̀, tí aṣọ ń wọ́ nílẹ̀, tó tún wú ikọ́ bí baálẹ̀. Ta ni kò ní rẹ́rìn-ín? Báyìí ni Peggy ṣe ń fara wé Rudolph Valentino, Pola Negri, Mary Pickford àti àwọn mìíràn tí orúkọ wọn ń dún nígbà náà. Láàárín ọdún 1921 sí 1924, eré kúkúrú tó ṣe súnmọ́ 150. Ní ọdún 1922 nìkan, wọ́n ní lẹ́tà tí àwọn olólùfẹ́ rẹ̀ kọ sí i ju mílíọ̀nù kan lọ. Wọ́n ṣe bèbí tó jọ ọ́ sínú ọjà. Ní ọdún 1924, nígbà tí ẹgbẹ́ òṣèlú Democrat ṣe ìpàdé ńlá wọn ní New York, wọ́n gbé e wá síbẹ̀ láti fi ṣe ẹ̀ṣọ́ ìpàdé náà. Ọmọ ọdún 5 ni.

OHUN TÍ OJÚ RẸ̀ RÍ

Àwọn tó ń rẹ́rìn-ín nínú gbọ̀ngàn kò mọ ohun tí ojú ọmọ náà ń rí. Wákàtí 8 lóòjọ́ ni ó ń ṣiṣẹ́, ọjọ́ 6 láàárín ọ̀sẹ̀. Kò sí ẹni tó ń dúró fún un níbi ewu bí bàbá rẹ̀ ti ń dúró fún ẹlòmíràn. Nígbà tí wọ́n ń ṣe Sea Shore Shapes, wọ́n tẹ̀ ẹ́ sínú omi òkun títí ó fi dákú. Nínú Miles of Smiles, wọ́n ní kí ó dá nìkan wà lábẹ́ ọkọ̀ ojú irin. Nígbà tí ó bọ́ sínú fíìmù gígùn, tí wọ́n ń ṣe The Darling of New York ní ọdún 1923, wọ́n fi í sínú yàrá tí iná ń jó, òun fúnra rẹ̀ ló sì wá ọ̀nà jáde. Gbogbo èyí, ọmọ tó ń gbọ́ràn kò lè sọ pé òun kò ṣe.

Ilé ẹ̀kọ́ ńkọ́? Kò sí àyè fún un. Òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin kò fi bẹ́ẹ̀ mọ ilé ẹ̀kọ́ títí iṣẹ́ eré náà fi parí. Mo ṣe iṣẹ́ olùkọ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún kí n tó fẹ̀yìn tì, ibí yìí ló sì dùn mí jù nínú ìtàn náà. Ọmọ tó lè há gbogbo ìtọ́ni olùdarí eré sórí, tó lè sín ọba àti ìjòyè jẹ, irú ọmọ tí olùkọ́ ń gbàdúrà kí Ọlọ́run fún òun ní ọ̀kan ṣoṣo ní kíláàsì, òun ni wọn kò mú lọ sí ilé ẹ̀kọ́.

OWÓ DÉ, OWÓ LỌ

Nígbà tí ó fi di ọdún 1924, orúkọ tí àwọn oníwèé ìròyìn ń pè é ni Ọmọ Mílíọ̀nù Dọ́là. Wọ́n ní owó àdéhùn rẹ̀ tó mílíọ̀nù 1.5 dọ́là lọ́dún kan. Owó ńlá ni lónìí, ẹ wá wo bó ti tóbi tó nígbà náà. Ó ti kúrò nínú eré kúkúrú, ó ti ń ṣe fíìmù gígùn bíi Captain January àti Helen's Babies, tí méjèèjì jáde ní ọdún 1924.

Àwọn òbí ló ń gba owó náà, àwọn náà ló sì ń ná an. Wọ́n ra ilé, wọ́n ra mọ́tò olówó ńlá, wọ́n ra aṣọ. Wọn kò ya kọ́bọ̀ sọ́tọ̀ fún ẹ̀kọ́ ọmọ tàbí fún ọjọ́ iwájú rẹ̀. Àwọn tí bàbá bá da òwò pọ̀ tún jẹ nínú rẹ̀, nítorí kì í ṣe gbogbo wọn ló ṣe òótọ́.

Ní ọdún 1925, ìjà ṣẹlẹ̀ láàárín bàbá Peggy àti Sol Lesser, ẹni tó ń ṣe fíìmù rẹ̀. Lórí owó ni. Àdéhùn náà sì tú ká. Ọ̀rọ̀ náà tàn ká Hollywood, kò sì sí iléeṣẹ́ tó fẹ́ gba ọmọ náà mọ́. Ipa kékeré kan ṣoṣo ló tún rí ṣe, nínú April Fool ní ọdún 1926. Ẹ ṣàkíyèsí pé ọmọ náà kò bá ẹnikẹ́ni jà. Àgbà méjì ló jà, iṣẹ́ ọmọ ni ó bàjẹ́. Ní ọdún 1926 kan náà, iná jó iléeṣẹ́ Century, ọ̀pọ̀ nínú àwọn eré kúkúrú tó ṣe sì bá iná lọ. Èyí tó ṣẹ́ kù nínú wọn kò pọ̀.

Nígbà tí sinimá kò sí mọ́, wọ́n gbé e lọ sí orí ìtàgé. Láti ọdún 1925 títí di 1929, ó ń ti ìlú kan bọ́ sí òmíràn ní Amẹ́ríkà àti Kánádà. Ó ń kọrin, ó ń ṣe àwàdà, ó sì tún ń ṣe eré tó ń mú omijé wá sójú. Àwọn tó rò pé wọn kàn fẹ́ wá wo ojú rẹ̀ lásán rí i pé òṣèré gidi ni. Iṣẹ́ náà ń mú dọ́là 300 wá lóòjọ́. Ẹ gbọ́ iye tó ń kan Peggy fúnra rẹ̀: sẹ́ǹtì 5 fún eré kọ̀ọ̀kan. Bí ẹní gbé àpò owó wọlé, tí wọ́n wá fún un ní tọ́rọ́ kó fi ra gúgúrú.

Bàbá náà fi owó tó kù ra ilẹ̀ ọ̀sìn ní ìpínlẹ̀ Wyoming. Nígbà tí ọrọ̀ ajé Amẹ́ríkà dẹnu kọlẹ̀ ní ọdún 1929, ilẹ̀ ọ̀sìn náà kò lè dúró. Ní ọdún 1932, ìdílé náà padà sí Hollywood lọ́wọ́ òfo. Peggy jẹ́ ọmọ ọdún 13, ó sì ń wá iṣẹ́ láàárín èrò tí wọ́n máa ń kó jọ sẹ́yìn òṣèré nínú fíìmù, àwọn tí ẹnikẹ́ni kò béèrè orúkọ wọn. Kórìíra ni ó kórìíra iṣẹ́ náà. Ṣùgbọ́n ebi ń pa ilé.

ẸJỌ́ JACKIE COOGAN

Ọmọ mìíràn wà tí ìtàn rẹ̀ jọ èyí. Jackie Coogan ni ọmọdékùnrin tó bá Charlie Chaplin ṣeré nínú The Kid ní ọdún 1921. Mílíọ̀nù dọ́là mẹ́ta sí mẹ́rin ni wọ́n ní ó rí láti kékeré. Nígbà tó dàgbà, tó béèrè owó rẹ̀, ìyá rẹ̀ àti ọkọ ìyá rẹ̀ ní òfin kò fún un ní nǹkan kan. Òótọ́ ni wọ́n sọ. Lábẹ́ òfin California ìgbà náà, owó tí ọmọdé bá rí, ti òbí ni. Coogan pe ẹjọ́ ní ọdún 1938. Nígbà tí wọ́n fi máa parí rẹ̀, nǹkan bíi dọ́là 126,000 ló kàn án nínú gbogbo làálàá rẹ̀.

Nígbà tí ẹjọ́ náà ń lọ, àwọn òbí Peggy bi í bóyá òun náà fẹ́ pe àwọn lẹ́jọ́. Kò pè wọ́n. Ó mọ̀ pé kò sí ohun tó kù tí adájọ́ lè pín.

Ẹjọ́ Coogan ló bí òfin tí California ṣe ní ọdún 1939. Òfin náà fún ilé ẹjọ́ lágbára láti ní kí wọ́n ya apá kan sọ́tọ̀ nínú owó ọmọ tó ń ṣeré, ó sì lè tó ìdajì. Àléébù rẹ̀ ni pé àdéhùn tí wọn kò bá gbé wá síwájú adájọ́ bọ́ lọ́wọ́ òfin. Òfin iṣẹ́ tí ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà ṣe ní ọdún 1938 láti dá iṣẹ́ ọmọdé dúró ní iléeṣẹ́ tún yọ àwọn ọmọ tó ń ṣeré sílẹ̀. Ó di ọdún 2000 kí California tó sọ ọ́ gbangba pé owó tí ọmọ bá fi eré rí, ti ọmọ ni. Wọ́n ní kí ìdá 15 nínú ọgọ́rùn-ún rẹ̀ máa lọ sínú àkáǹtì tí òbí kò lè fọwọ́ kàn. Ní ọdún 2024, wọ́n tún fi kún un pé òfin gbọ́dọ̀ dáàbò bo àwọn ọmọ tí òbí ń ya sínú fídíò íntánẹ́ẹ̀tì tí ń mówó wọlé. Ẹ ṣírò rẹ̀. Láti ọjọ́ tí Peggy jókòó jẹ́jẹ́ níwájú olùdarí eré títí di ọjọ́ tí òfin dé yàrá ilé, ọdún 104 ni.

BÍ Ó ṢE PARÍ AYÉ RẸ̀

Ẹ má ṣe rò pé ọmọ náà ṣègbé. Ó lọ sí ilé ẹ̀kọ́ nígbẹ̀yìn, pẹ̀lú ìjàkadì. Ó tẹ tẹlifóònù fún iléeṣẹ́, ó ta ìwé nínú ṣọ́ọ̀bù. Ó pa orúkọ dà sí Diana Serra kí ẹnikẹ́ni má baà mọ̀ ọ́n sí Baby Peggy mọ́. Ó fẹ́ ọkọ, ìgbéyàwó náà tú ká. Ní ọdún 1954 ó fẹ́ ayàwòrán kan, Robert Cary, wọ́n bí ọmọkùnrin kan, wọ́n sì jọ wà títí ikú fi ya wọ́n ní ọdún 2001.

Ìwé kíkọ ni ó fi tún orúkọ ara rẹ̀ ṣe. Ní ọdún 1975 ó kọ ìwé lórí àwọn kaboi inú sinimá, àwọn ẹlẹgbẹ́ bàbá rẹ̀. Ní ọdún 1996 ó kọ ìtàn ayé ara rẹ̀. Ní ọdún 2003 ó kọ ìtàn Jackie Coogan. Ó sì ń sọ̀rọ̀ níbi gbogbo pé kí wọ́n tọ́jú àwọn ọmọ tó wà lẹ́nu iṣẹ́ eré. Ọjọ́ 24 oṣù kejì ọdún 2020 ni ó dágbére fáyé, ní ẹni ọdún 101. Ọdún mélòó kan péré ni iṣẹ́ eré àwàdà rẹ̀ fi gbà, ṣùgbọ́n ó tó àádọ́rin ọdún tó fi ń wá ọ̀nà láti bá ọmọ kékeré náà rẹ́.

Ọ̀RỌ̀ TI WA

Mo mọ ohun tí àwọn kan yóò sọ. Wọn yóò ní ọmọ ló ń tọ́jú òbí, Yorùbá sì ti pa á lówe pé bí òkété bá dàgbà tán, ọmú ọmọ rẹ̀ ní í mu. Mo gbà. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká gbọ́ òwe náà dáadáa. Ó ní "bí ó bá dàgbà tán." Ọmọ òkété gbọ́dọ̀ ti dàgbà, kí òun náà ti bímọ, kí ó tó ní ọmú tí ẹnìkan yóò mu. Jack Montgomery kò tíì dàgbà nígbà tó ń jẹun lára ọmọ ọdún 2. Ọkùnrin tó lè ṣubú lórí ẹṣin, tó sì lè dìde, lágbára láti ṣiṣẹ́. Òwe àwọn baba wa kò gbè é lẹ́yìn.

Lẹ́yìn èyí, ọ̀rọ̀ ìgbọràn. Àwa Yorùbá fẹ́ kí ọmọ gbọ́ràn, mi ò sì ní sọ fún ẹnikẹ́ni pé kó yí i padà. Ohun tí mo rí dì mú nínú ìtàn yìí ni pé bí ọmọ bá ti fi ìfẹ́ inú rẹ̀ lé wa lọ́wọ́, gbèsè ló kó sí wa lọ́rùn. Ó ní, "Ẹ̀yin ni kẹ́ ẹ rò ó fún mi." Bí a bá wá gba ìgbọràn náà, tí a kò bá a ro ọ̀la rẹ̀, a ti jẹ gbèsè ọmọ.

Ní àdúgbò wa níhìn-ín, mo ti rí ọmọ tí wọ́n jí lóru kó wá tún àwàdà ṣe, nítorí pé iná ìjọba ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, wọ́n sì fẹ́ ya á sórí fóònù. Oorun ń kun ọmọ náà, ó sì ń ṣe é, nítorí ìyá rẹ̀ ló ní kó ṣe é. Ọmọ tó mọ eré ṣe, ẹ̀bùn ni, kò yẹ ká pa ẹ̀bùn náà. Orílẹ̀-èdè wa ti ṣe Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọ láti ọdún 2003, ó sì lòdì sí kí a máa fi iṣẹ́ rẹ́ ọmọ jẹ. Ṣùgbọ́n ọlọ́pàá kò ní wá jókòó ti òbí ní yàrá. Ọwọ́ wa ni ọ̀rọ̀ náà wà.

Nítorí náà, mo bẹ̀ yín pẹ̀lú nǹkan mẹ́ta. Èkíní, bí eré ọmọ bá ń mówó wọlé, ẹ ṣí àkáǹtì ní orúkọ ọmọ náà. Ọ̀pọ̀ báǹkì wa ló ní irú rẹ̀. Ẹ máa fi ìpín rẹ̀ síbẹ̀ kí ẹ tó ra nǹkan kan nílé. Èkejì, kí ilé ẹ̀kọ́ àti oorun ọmọ ṣáájú eré. Ẹ̀kẹta, bí ọmọ bá ní ó rẹ òun, tàbí ẹ̀rù ń ba òun, kí ẹ gbọ́ tirẹ̀ lọ́jọ́ náà gẹ́gẹ́ bí òun náà ti ń gbọ́ tiyín.

Kí Olódùmarè bá wa wo àwọn ọmọ wa, kí ó má ṣe jẹ́ kí a ná ọ̀la wọn lónìí. Ẹ̀mí wa yóò ṣe púpọ̀ rẹ̀ láyé. Ire o.